Ayédùn: bí mo ṣe kan ayé tó ń kọrin sí ẹ̀yìnkùlé wa l'Óṣogbo

Ọmọ ẹ̀gbọ́n mi, ọmọ ọdún mẹ́sàn-án, ló dá a sílẹ̀. Wọ́n ti kọ́ wọn ní orúkọ pílánẹ́ẹ̀tì mẹ́jẹ̀ẹ̀jọ nílé ìwé. Ó bọ́ aṣọ iléèwé tán, ó ní, "Bọ̀dá, èwo nínú wọn ló ń kọrin?" Mo ní kò sí. Ó ní, "Ẹ yáa ṣe ọ̀kan nígbà náà," bí ẹni tó ń rán mi ní búrẹ́dì.

Ọ̀nà ọ̀lẹ ni mo kọ́kọ́ gbà. Mo ra bọ́ọ̀lù onírọ́bà ńlá kan, mo kùn ún ní ọ̀dà, mo ki ẹ̀rọ kékeré tó ń ka mẹ́mọ́rì káàdì sínú rẹ̀ pẹ̀lú ẹ̀rọ gbohùngbohùn. Ó kọrin lóòótọ́. Bàbá Àyàn, àgbà onílù tó ń gbé òdìkejì títì wa, gbọ́ ọ, wọ́n sì yà wò ó.

"Ta ló ń kọrin níbẹ̀ yẹn?"

"Pílánẹ́ẹ̀tì ni, Bàbá."

"Irọ́ ni. Rédíò ni. Bó bá jẹ́ òun ló ń kọ ọ́, kí ló fi ń kọ ọ́?"

N kò rí èsì fọ̀. Alẹ́ ọjọ́ náà ni mo tú bọ́ọ̀lù náà palẹ̀. Ìbéèrè Bàbá ni mo wá ń dáhùn láti ìgbà náà, ó sì ti gbà mí ní oṣù mẹ́ta.

Ọ̀sẹ̀ kìíní: kí ló fi ń kọ ọ́?

Kí n tó fọwọ́ kan irin kankan, mo ní láti mọ ohun tí ayé kan lè fi kọrin. Ohùn ò lè rìn níbi tí kò bá ti sí afẹ́fẹ́, omi tàbí ohun líle tó máa gbé e. Ayé tó bá ní afẹ́fẹ́ tirẹ̀ nìkan la lè gbọ́. Mars ní in, bó tilẹ̀ fẹ́lẹ́. Ọkọ̀ Perseverance tó balẹ̀ síbẹ̀ ní oṣù Kejì ọdún 2021 gbé maikirofóònù dání, ó sì gbọ́ ìró afẹ́fẹ́ àti bí ẹsẹ̀ irin rẹ̀ ṣe ń rún òkúta. Nǹkan bíi mítà 240 ni ohùn ń rìn ní ìṣẹ́jú àáyá kan níbẹ̀. Níhìn-ín, ó lé ní 340.

Ariwo nìyẹn ṣá, kì í ṣe orin. Mo tún lọ wo ọ̀rọ̀ Johannes Kepler, ará Jámánì tó tẹ ìwé jáde ní 1619, tó fún pílánẹ́ẹ̀tì kọ̀ọ̀kan ní orin tirẹ̀. Pílánẹ́ẹ̀tì máa ń sáré bó bá sún mọ́ oòrùn, a sì máa rọra rìn bó bá jìnnà sí i. Kepler wá fi eré wé ohùn òkè, ó fi ìrọra wé ohùn ìsàlẹ̀. Ìyàtọ̀ ti ayé tiwa kéré, bíi 16 sí 15, nítorí náà mi-fa-mi péré ló kàn án. Ó fi kún un pé sílébù wọ̀nyẹn, tó bẹ̀rẹ̀ ọ̀rọ̀ Látìn méjì, miseria (ìyà) àti fames (ìyàn), ń sọ fún wa pé ìyà àti ìyàn ló wà nílé wa yìí. Mo rẹ́rìn-ín. Àmọ́ mo rò ó pé mi-fa-mi ò lè sọ Yorùbá. Àlàfo ibẹ̀ há jù fún ẹni tó ń fi dò-re-mí ya ọkọ̀ sọ́tọ̀ lára ọkọ àti ọkọ́.

Júpítà ni mo ti rí ìlù. Mẹ́ta nínú òṣùpá rẹ̀, Io, Europa àti Ganymede, ń yí i po ní nǹkan bí ọjọ́ 1.77, 3.55 àti 7.15. Kí Ganymede tó yí i po lẹ́ẹ̀kan, Europa á ti yí i po lẹ́ẹ̀mejì, Io á ti yí i po lẹ́ẹ̀mẹrin. Kì í ṣe èèṣì. Bí wọ́n ṣe ń fa ara wọn ló so wọ́n pọ̀ bẹ́ẹ̀, kò sì sí èyí tó lè já kúrò nínú ìlà. Onílù mẹ́ta tí ẹnì kan ò lè ṣìnà sí ẹnì kejì.

Ayé tí mo wá fọkàn dá nìyí: afẹ́fẹ́ rẹ̀ nípọn, òkè rẹ̀ jẹ́ irin pẹlẹbẹ tó nà jáde bí ahọ́n, ó sì ní òṣùpá mẹ́ta tó ń sáré bíi ti Júpítà. Bí òṣùpá tiwa ṣe ń fa omi òkun sókè, bẹ́ẹ̀ ni òṣùpá ibẹ̀ ń fa ahọ́n irin. Bó bá kọjá, ahọ́n á já padà, á dún. Ayé náà gan-an ni agídìgbo. Iṣẹ́ tó kù ni kí n fi igbá àti kẹ̀kẹ́ ṣe é.

Ọ̀sẹ̀ kejì: ohun èlò

Mo ra igbá ńlá méjì l'Ọ́jà Ọba, tí fífẹ̀ ẹnu wọn tó sẹ̀ǹtímítà 42. Ó gbà mí ní ìdajì ọjọ́ kí n tó rí méjì tí ẹnu wọn bára mu, nítorí igbá kì í ṣe ohun tí wọ́n ń rọ nílé iṣẹ́. Màmá tó ń tà á bi mí bóyá ìyàwó ni mo fẹ́ gbé. Mo ní ayé ni mo fẹ́ ṣe. Wọ́n ní, "Igbá ìwà nìyẹn," wọ́n sì dín owó rẹ̀ kù fún mi. Wọn ò purọ́ o: ọmọrí ni ọ̀run, ìyá igbá ni ayé, àwọn baba wa ti ya àwòrán iṣẹ́ mi kí wọ́n tó bí mi.

Ìyókù wá láti ọ̀dọ̀ àwọn tó ń ta irin àlòkù: kẹ̀kẹ́ eléré méjì tó ti bàjẹ́ (irin eléyín ẹ̀yìn wọn ni mo ń wá), ẹ̀rọ wáípà láti ara ọkọ̀ kan tó ti jóná, páìpù omi oríṣiríṣi. Bátìrì ọkọ̀ tó ti darúgbó ni mo fi ń fún un ní iná.

Ọ̀sẹ̀ kẹta: ibi tí mo ti ṣìnà

Èrò mi àkọ́kọ́ dùn lórí ìwé. Mo to họ́ọ̀bù kẹ̀kẹ́ mẹ́ta (irin àárín táyà tó máa ń yí) lérí ara wọn lórí ọ̀pá irin kan. Họ́ọ̀bù kọ̀ọ̀kan ní irin eléyín tirẹ̀ àti apá tirẹ̀ tó gbé òṣùpá. Ọ̀pá kejì dúró lẹ́gbẹ̀ẹ́ wọn, òun ni ẹ̀rọ ń yí, ṣéènì mẹ́ta sì ń gbé agbára lọ láti ara rẹ̀.

Mo dán òṣùpá kan ṣoṣo wò. Ó yí dáadáa dé ìdajì, lẹ́yìn náà ló sáré já wájú fúnra rẹ̀ bí ọmọ tó rí ìyá rẹ̀. Mo wò ó títí kí n tó rí i: fíráìwíì ni. Fíráìwíì kẹ̀kẹ́ ń jẹ́ kí táyà sáré ju ẹsẹ̀ rẹ lọ bó o bá ń sọ̀ kalẹ̀ òkè. Ilẹ̀ ẹ̀yìnkùlé wa dagun díẹ̀, òṣùpá náà sì wúwo. Gbogbo ìgbà tó bá ti dé ibi ìsọ̀kalẹ̀, á sáré fi ṣéènì sílẹ̀. Ọ̀gá wẹ́dà fi iná jó fíráìwíì pọ̀ mọ́ họ́ọ̀bù, wàhálà tán. Wọ́n gba ₦2,000, wọ́n sì fi mí ṣe yẹ̀yẹ́ lọ́fẹ̀ẹ́.

Mo wá fi òṣùpá kejì sí i. Mo tan iná. Apá òṣùpá kejì yí wá, gbà! Ó gbá ọ̀pá tí ṣéènì wà lára rẹ̀. Ó yẹ kí n ti rí i lórí ìwé. Ọ̀pá yẹn gbọ́dọ̀ ga dé ọ̀dọ̀ họ́ọ̀bù òkè, apá ti àárín sì gbọ́dọ̀ yí po ní ìsàlẹ̀ họ́ọ̀bù òkè. Ojú ọ̀nà kan náà ni àwọn méjèèjì fẹ́ gbà. Kò sí bí mo ṣe lè gbé e tí kò ní í gbá a. Ọ̀sẹ̀ kan àtààbọ̀ ló bá a lọ.

Aago ara ògiri ló yọ mí. Mo jókòó, mo ń wò ó, inú ń bí mi, ni mo bá rí i pé ọwọ́ kékeré àti ọwọ́ ńlá ń yí lójú kan náà tí wọn kì í gbá nǹkankan. Páìpù nínú páìpù ni. Ẹ̀rọ wà lápá kan, ọwọ́ wà lápá kejì.

Ọ̀sẹ̀ karùn-ún: páìpù nínú páìpù

Ọ̀pá irin mìlímítà 12 ló wà láàárín gbùngbùn, kì í yí, orí rẹ̀ ni igbá jókòó lé. Páìpù ìdajì ínǹṣì wọ̀ ọ́, páìpù ínǹṣì kan wọ ìyẹn, páìpù ínǹṣì kan àtààbọ̀ wọ gbogbo rẹ̀. Èyí tó wà nínú jùlọ ló gùn jùlọ, ó yọrí lókè, ó yọ ìdí nísàlẹ̀. Irin eléyín wà nísàlẹ̀ wọn, apá wà lókè. Àlàfo tó wà láàárín wọn fẹ̀ ju bí mo ṣe fẹ́ lọ, páìpù ń mì jìgìjìgì. Ọ̀gá tó ń fi ẹ̀rọ fá irin bá mi fá òrùka ike líle mẹ́fà tó dí àlàfo náà, méjì fún páìpù kọ̀ọ̀kan, mo fi gíríìsì pa wọ́n. Ibi tí owó mi lọ jù nìyí, n kò sì kábàámọ̀ rẹ̀.

Ìṣirò eyín wá rọrùn. Ọ̀pá tó ń darí wọn gbé irin eléyín 28, 20 àti 14. Èyí tó ní 28 ń fa 14 lára páìpù inú: ìlọ́po méjì. Èyí tó ní 20 ń fa 20: bákan náà. Èyí tó ní 14 ń fa 28 lára páìpù ìta: ìdajì. Mẹ́rin, méjì, ọ̀kan, bíi ti Júpítà. Ohun tí bí òṣùpá ṣe ń fa ara wọn ń ṣe lọ́hùn-ún ni ṣéènì ń ṣe níbí. Ó sì ṣe kòńgẹ́ pé irin eléyín 14 kéré tó bẹ́ẹ̀ tí kò lè gba ara páìpù ńlá, páìpù inú nìkan ló lè gbé e. Bó bá jẹ́ òdìkejì rẹ̀ ni, mi ò bá tún sunkún.

Ẹ̀rọ wáípà fúnra rẹ̀ yára jù. Mo fi irin eléyín 14 sí i lẹ́nu, mo fi 44 ti ibi ẹsẹ̀ kẹ̀kẹ́ gbà á, eré rẹ̀ já sí ìdá mẹ́ta. Ní báyìí, òṣùpá tó lọ́ra jù ń yí po lẹ́ẹ̀kan ní nǹkan bí ìṣẹ́jú àáyá mẹ́jọ. Ẹ̀rọ náà ń kùn bí oyin nínú irin, mo gé táyà, mo tẹ́ ẹ sábẹ́ rẹ̀, ó dákẹ́.

Ọ̀sẹ̀ keje: ahọ́n

Abẹ ayùn irin ni mo fi ṣe ahọ́n. Mo fi fáìlì yọ eyín rẹ̀, mo fi bóòtù dè é mọ́ igi pẹlẹbẹ kékeré, mo sì de igi mọ́ ara igbá. (Ẹ má fi ẹ̀rọ ìlu-ihò lu igbá. Ó máa là. Ẹ ki ìṣó bọ iná títí yóò fi pọ́n, kẹ́ ẹ fi jó ihò náà. Igbá kẹta ni mo fi kọ́ ọgbọ́n yẹn.) Ahọ́n méjì wà ní apá ìsàlẹ̀ ayé náà fún òṣùpá tó yára, mẹ́ta wà ní ìbàdí fún ti àárín, mẹ́rin wà lókè fún èyí tó lọ́ra. Òṣùpá kọ̀ọ̀kan ní èékánná awọ tó nà wọlé, tó ń ta ahọ́n bó bá ń kọjá.

Nínú ìyípo kan ti òṣùpá tó lọ́ra, ẹ ó gbọ́ mẹ́jọ láti ìsàlẹ̀, mẹ́fà láti ìbàdí, mẹ́rin láti òkè. Ẹ pín in wò: mẹ́rin, mẹ́ta, méjì. Mẹ́ta lórí méjì tí a ń pàtẹ́wọ́ sí látìgbà tí a ti dáyé! Mi ò gbìyànjú láti fi síbẹ̀. Òṣùpá ló fi síbẹ̀.

Gígùn ahọ́n ló fún mi ní ìyọnu. Mo rò pé bí mo bá gé ahọ́n sí ìdajì, ohùn rẹ̀ á ga ní ìlọ́po méjì bíi ti okùn gìtá. Rárá o. Ìlọ́po mẹ́rin ló ga, ó ń ké bí ẹ̀fọn létí. Irin tí a dè lójú kan tí ojú kejì rẹ̀ wà lófìfo kì í ṣe bí okùn. Ẹni tó bá fẹ́ ìlọ́po méjì, ìdá méje nínú mẹ́wàá ni kó fi gígùn náà sí. Nígbà tí mo mọ èyí, mo ṣe àwọn ti ìbàdí: mìlímítà 60 fún re, 52 fún mí, 69 fún dò.

Ìbàdí yẹn ṣe pàtàkì, nítorí níbẹ̀ ni mo fẹ́ kí ayé náà ti máa pe orúkọ ara rẹ̀. Ọmọ náà ti sọ ọ́ ní Ayédùn. Re, mí, dò.

Ọ̀sẹ̀ kẹjọ: Bàbá Àyàn padà wá

Mo tan iná, mo gbé àga fún Bàbá. Wọ́n tẹ́tí. Wọ́n di ojú.

"Ìyá rẹ̀ ló ń pè."

"Ta ni, Bàbá?"

"Ayé rẹ yìí. 'Ìyá mi, ìyá mi.' O ò gbọ́ ni?"

Mo gbọ́. Dò, mí, re. Mo ti so wáyà bátìrì sódì, ẹ̀rọ ń yí padà sẹ́yìn, orúkọ náà sì ń jáde láti ìdí wá sórí. Ní 1962 tí Dúró Ládípọ̀ dá ilé eré rẹ̀ sílẹ̀ níbí, ọ̀rọ̀ Ìgbò ni Mbari tí wọ́n fún un. Ará ìlú gbọ́ ọ, wọ́n sọ ọ́ di "Mbá rí i, mbá yọ̀," ó sì di Mbari Mbayo títí dòní. Ìlú báyìí ò ní í gbọ́ ohùn mẹ́ta lára irin kó má rí ọ̀rọ̀ fà yọ nínú rẹ̀.

Mo yí wáyà padà. Ayédùn, ó wí. Ṣùgbọ́n Bàbá ò tíì dìde. Wọ́n nawọ́ sí òṣùpá tó yára. "Ẹni yìí ń fà sẹ́yìn." Mo ní kò lè fà sẹ́yìn, ṣéènì ló dè é. Wọ́n ní, "Mo ti gbọ́. Ó ń fà sẹ́yìn."

Ọjọ́ méjì ni mo fi wá a. Mo tú òrùka ike, mo wo ṣéènì, mo wo àwọn ibi tí wẹ́dà jó. Níkẹyìn mo jókòó, mo fi ṣọ́ọ̀kì sàmì sí eyín kan, mo ka irin eléyín 14 náà. Mẹ́ẹ̀ẹ́dógún ni. Dípò mẹ́rin, ìyípo 3.73 ló ń ṣe, ìgbà tí òṣùpá tó lọ́ra bá sì yí po lẹ́ẹ̀mẹ́ẹ̀ẹ́dógún ni gbogbo wọn tó padà bọ́ sójú kan. Ó tó nǹkan bí ìṣẹ́jú méjì! Etí àgbàlagbà kan mú eyín kan ṣoṣo tí ojú mi ò rí. Mo wá 14 gidi fi rọ́pò, mo sì sọ ti àkọ́kọ́ sínú àpótí pẹ̀lú ìbínú.

Lẹ́yìn náà

Dò ti ìbàdí ga díẹ̀ ju bó ṣe yẹ lọ, bẹ́ẹ̀ ni mi ò sì lè fi kún irin tí mo ti gé. Bó bá ga sí i, Ayédùn á di Ayédún, ayé tó ń dún. Ọmọ náà ní ìyẹn náà dára, èmi ní kò ní í ṣẹlẹ̀, a bá ara wa jiyàn dé ìdí ọbẹ̀. Bàbá Àyàn ló parí ìjà. Wọ́n gé ìda díẹ̀ lára èyí tí wọ́n ń lẹ̀ mọ́ ojú gúdúgúdú, wọ́n tẹ̀ ẹ́ mọ́ ẹnu ahọ́n náà, ohùn rọ̀ sílẹ̀ gẹ́lẹ́. Ọ̀sán ọjọ́ kejì, oòrùn yọ́ ìda náà, ó já bọ́. Òjé ni mo wá jó mọ́ ọn, ẹyọ kan bí èso àgbàdo. Ìyẹn ò lọ síbì kankan.

Ọ̀rọ̀ ẹwà ò gùn. Nítorí pé ìlú aró ni Òṣogbo, mo ní ayé yìí gbọ́dọ̀ jẹ́ aláró. Aró ò mú lára igbá, ọwọ́ mi ló mú. Mo lẹ àdìrẹ mọ́ ọn lára yí ká, ó rẹwà gan-an, ohùn rẹ̀ sì kú pátápátá bí ẹni tó ki tìmùtìmù bọ inú ìlù. Mo rẹ ẹ́ sínú omi, mo bó o kúrò. Irin gbígbóná ni mo fi jó àwòrán sí i lára.

Ní báyìí, ó ń ṣiṣẹ́. Ó wà lábẹ́ àtíbàbà ẹ̀yìnkùlé, ṣéènì ìsàlẹ̀ ṣì ń dún kíní-kíní bí òjò bá ti rọ̀. Mo fi swíìṣì olójú méjì sí i, tó lè yí ẹ̀rọ síwájú tàbí sẹ́yìn, nítorí ọmọ náà kọ̀ jálẹ̀ pé kí n má pa "Ìyá mi" rẹ́. Bí ilẹ̀ bá ti ń ṣú, ó máa ń tẹ̀ ẹ́ sápá ibẹ̀, á lọ jókòó lórí àkàsọ̀.

Lánàá ló kà níbì kan pé ìràwọ̀ kan wà tí wọ́n ń pè ní TRAPPIST-1, tí ìmọ́lẹ̀ rẹ̀ ń fi nǹkan bí ogójì ọdún rìn kó tó dé ọ̀dọ̀ wa, tó ní pílánẹ́ẹ̀tì méje tí ìyípo wọn so kọ́ra: bí ti inú bá yí po lẹ́ẹ̀mẹrìnlélógún, àwọn yòókù ń yí po ní nǹkan bí ìgbà 15, 9, 6, 4, 3 àti 2. "Bọ̀dá, méje o." Mo sọ fún un pé páìpù méje ò lè wọnú ara wọn, pé owó ti tán, pé ẹ̀yìn ń ro mí. Nígbà tó sùn, mo ṣí àpótí. Irin eléyín 24 wà níbẹ̀ láti ara kẹ̀kẹ́ kejì. Mo tú irin palẹ̀ títí mo fi rí 15 tí mo sọ síbẹ̀, mo nu gíríìsì ara rẹ̀, mo sì gbé e sórí tábìlì lẹ́gbẹ̀ẹ́ èkejì.